Yorùbá ni Délé Momodu kà ní Ifẹ̀, ẹ jẹ́ kó wà nínú ìtàn rẹ̀

Sí Olóòtú,

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ kú làálàá. Nígbàkígbà tí àwọn oníwèé ìròyìn bá ń sọ ìtàn Olóyè Délé Momodu, òde àríyá ni wọ́n máa ń gbà wọ̀ ọ́: fọ́tò, gèlè, òun àti àwọn gbajúmọ̀. Olùkọ́ èdè Yorùbá ni mí, ó sì ń dùn mí pé ibi tí ọ̀rọ̀ ti bẹ̀rẹ̀ gan-an ni wọ́n ń fò. Yorùbá ni ọkùnrin yìí kà ní Yunifásítì Ifẹ̀, ó gboyè jáde lọ́dún 1982, kó tó padà lọ gba oyè kejì nínú lítíréṣọ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ojoojúmọ́ làwọn ọmọ tí mò ń kọ́ ń gbọ́ ọ nílé pé, "Kí lo fẹ́ fi Yorùbá jẹ?" Wọn ò mọ̀ pé ẹni tó dá Ovation, ìwé ìròyìn tó ń gbé fọ́tò òde àríyá jáde, sílẹ̀ jókòó kọ́ ohun tí àwọn náà ń kọ́.

Lójú tèmi, oríkì ni Ovation ń ki, fọ́tò ló kàn fi ń kì í. Télọ̀ ni màmá mi. Ẹ̀dà kan wà ní ṣọ́ọ̀bù wọn tí wọ́n fi láílọ́ọ̀nù dì, èèpo ẹ̀yìn rẹ̀ ti ya. Àwọn oníbàárà á ṣí i, wọ́n á nàka sí bùbá ìyàwó olówó kan, wọ́n á ní, "Ìyá, irú èyí ni kẹ́ ẹ rán fún mi, àmọ́ kẹ́ ẹ dín ọwọ́ rẹ̀ kù."

Ṣùgbọ́n ẹni tó ń ki ọba láàárọ̀ náà ló máa ń fi ewì sọ fún un pé ìlú ò dùn. Ibẹ̀ ni mo ti gba tirẹ̀. Ilé iṣẹ́ Concord, ti Olóyè M.K.O. Abíọ́lá, ló ti ṣe akọ̀ròyìn. Nígbà tí ìjọba ológun wọ́gi lé ìbò Ààrẹ ti June 12, 1993 tí Abíọ́lá díje nínú rẹ̀, kò sá fún ọ̀gá rẹ̀ àtijọ́, wọ́n sì tì í mọ́lé. Lọ́dún 1995, ìjọba Abacha tún fẹ̀sùn kàn án pé ó lọ́wọ́ nínú rédíò abẹ́lẹ̀ tó ń bá wọn jà, èyí tó wá di Radio Kudirat lẹ́yìn tí wọ́n yìnbọn pa Kudirat, ìyàwó Abíọ́lá, ní June 4, 1996. Bàbá mi máa ń gbọ́ rédíò yẹn lóru, wọ́n á fi pílò bò ó, wọ́n á sì gbé etí lé pílò náà. Momodu ní tirẹ̀ gba ẹnubodè Sẹ̀mẹ̀ bọ́ sí Benin, títí tó fi dé London. Inú ìsáǹsá yẹn ló ti dá Ovation sílẹ̀ lọ́dún 1996! Ẹni tí kò lè wọ ìlú rẹ̀ ló ń to fọ́tò ìnáwó jọ. Kí ló dé tá ò kì í sọ ìyẹn?

Ó díje fún ipò Ààrẹ lọ́dún 2011 lábẹ́ National Conscience Party, ẹgbẹ́ tí Gani Fawehinmi dá sílẹ̀. Lọ́dún 2022, nígbà tí PDP ń dìbò yan olùdíje, kò rí ìbò ẹyọ kan. Mo pa tẹlifíṣàn lálẹ́ ọjọ́ náà. Mélòó nínú àwọn tó dìbò yẹn ni kò wù kí fọ́tò òun wọ Ovation?

Olóòtú, tẹ́ ẹ bá tún fẹ́ kọ nípa rẹ̀, ẹ fi ìlà kan kún un: Yorùbá ló kà. Màá gé e, màá lẹ̀ ẹ́ mọ́ ògiri kíláàsì.

Olùkọ́ èdè Yorùbá,
Òṣogbo