Ilẹ̀ oko tí a gbà dá: kí ìwé sọ̀rọ̀ igi

Ẹ̀yin Olóòtú,

Láti ọdún 2024 tí owó kòkó ti fò sókè, tí tọ́ọ̀nù kan kọjá 10,000 dọ́là lọ́jà àgbáyé, ni àwọn tó ń wá ilẹ̀ gbà dáko ní ẹkùn Iléṣà àti Ilé-Ifẹ̀ ti pọ̀ sí i. Ìwé tí púpọ̀ nínú wọn ń fọwọ́ sí kò ju ojú ewé kan lọ: orúkọ, iye owó, iye ọdún, àtẹ̀ka. Ohun tó máa ń dá ìjà sílẹ̀ kò sí nínú rẹ̀ rárá, ìyẹn ni igi.

Ẹni tó fún ọ nílẹ̀ láti gbin ẹ̀gẹ́ àti àgbàdo kò fún ọ láti gbin kòkó. Láàárín ọdún kan sí ọdún kan àbọ̀, ẹ̀gẹ́ ti kúrò nílẹ̀. Kòkó á lo ọdún mẹ́ta sí mẹ́rin kó tó so, á sì máa so lọ fún ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Nítorí náà, bí ẹnì kan bá gbin kòkó, obì tàbí ọ̀pẹ sórí ilẹ̀ oúnjẹ láìgbàṣẹ, ó ti rú àdéhùn, bó tilẹ̀ ń san owó rẹ̀ déédéé. Ẹni tó sì gba ilẹ̀ ọdún mẹ́wàá láti gbin kòkó ń bá onílẹ̀ dáko ni: ìgbà tí oko bá ń so gidi ni wọn yóò ní kó kó ẹrù rẹ̀. Tó bá jẹ́ kòkó, ẹ má gba ilẹ̀ tí ọdún rẹ̀ kò tó mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n. Kí ìwé sọ ẹni tó ni igi lọ́jọ́ tí ọdún bá pé, àti bí a ó ṣe díye lé e. Bí a bá gbìn ín ní mítà mẹ́ta sí mẹ́ta, hẹ́kítà kan á gba nǹkan bí igi 1,100. Igi ni kí ẹ kà, kì í ṣe ẹ́kà nìkan.

Èyí tí ẹ bá nílẹ̀ ńkọ́? Ẹyìn ọ̀pẹ tó ti wà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀ sábà máa ń jẹ́ ti onílẹ̀, àfi tí wọ́n bá fi lé yín lọ́wọ́. Ìrókò àti igi gẹdú ní tiwọn ní òfin igbó lórí, ẹ̀yin àti onílẹ̀ kò sì gbọdọ̀ gé wọn láìgba ìwé àṣẹ. Ẹ ka gbogbo wọn sínú ìwé, kí ẹ sì rìn yí ààlà po pẹ̀lú aládùúgbò oko. Bí pèrègún ààlà bá ti kú, ẹ gbin òmíràn lójú gbogbo wọn.

Ọjọ́ tí àdéhùn yóò parí tún wà níbẹ̀. Àwọn kan ń fi Kejìlá parí rẹ̀ nítorí pé ọdún tán. Ẹ̀gẹ́ tí a gbìn ní Kẹfà kò tí ì pé oṣù méje nígbà náà. Oṣù Kẹta dára jù: ẹ̀ẹ̀rùn ti ń lọ, òjò kò tí ì fìdí múlẹ̀, ọ̀pọ̀ ìre oko sì ti wọlé. Bí ohun tí ẹ gbìn bá ṣì wà nílẹ̀, ẹ kọ ọ́ pé ẹ óò kórè rẹ̀.

Ta ló yẹ kó fọwọ́ sí i? Bó bá jẹ́ ilẹ̀ ẹbí, olórí ẹbí àti àwọn aṣojú ojúlé ni. Bí àwọn ọmọ ẹbí bá fún yín láìsí olórí, òfo ni. Bí olórí bá dá a ṣe, àwọn yòókù lè lọ bẹ ilé ẹjọ́ pé kó wọ́gi lé e. Tó bá kọjá ọdún mẹ́ta, lọ́yà ni kó ṣe é ní ìwé àdéhùn tó lágbára lábẹ́ òfin. Bí onílẹ̀ kò bá mọ̀wé, ẹ ka gbogbo rẹ̀ sí i létí lédè tó gbọ́ kó tó tẹ̀ka, kí ẹni tó kọ ọ́ sì fi orúkọ àti àdírẹ́sì rẹ̀ sí ìsàlẹ̀. Ẹ má fojú kéré èyí; ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ìwé ti ń ṣubú nílé ẹjọ́.

Ní ti ìṣákọ́lẹ̀, ìyẹn owó tàbí ìre oko tí ẹni tó gbalẹ̀ ń san fún onílẹ̀, Òfin Lílo Ilẹ̀ ti 1978 kò pa á rẹ́. Ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Nàìjíríà ló sọ ọ́ ní 1991 nínú ẹjọ́ Abioye àti Yakubu pé àjọṣe onílẹ̀ àti ẹni tó gbalẹ̀ ṣì wà. Ẹni tó ń san án lè máa jẹun lórí ilẹ̀ náà láti ìran dé ìran, níwọ̀n ìgbà tí kò bá sọ pé òun ló ni ilẹ̀, tí kò tà á fún ẹlòmíràn, tí kò sì kọ ìṣákọ́lẹ̀. Onílẹ̀ náà kò gbọdọ̀ kó jàǹdùkú lọ lé e, kò sì gbọdọ̀ fi ilẹ̀ kan náà fún ẹlòmíràn lẹ́yìn rẹ̀. Ilé ẹjọ́ ni yóò gba ilẹ̀ lọ́wọ́ ẹni tó bá ṣẹ̀. Àwa tí a wà nítòsí Ifẹ̀ mọ ìjà tí ọ̀rọ̀ yìí ti fà rí láàárín Ifẹ̀ àti Mọ̀dákẹ́kẹ́.

Ní Ìjẹ̀ṣà, ọ̀rọ̀ wúrà tún wà níbẹ̀. Ìjọba àpapọ̀ ló ni ohun tó wà lábẹ́ ilẹ̀. Onílẹ̀ kò lè tà á, ẹni tó gbalẹ̀ kò sì lè pe awakùsà wá. Ẹni tó bá sì gba ìwé àṣẹ ìwakùsà ní láti san gbà-máà-bínú fún ohun ọ̀gbìn tó bá bàjẹ́. Ẹni tó gbìn ín ló ni owó yẹn, onílẹ̀ á gba ti ojú ilẹ̀. Bí ìjọba bá gba ilẹ̀ láti la ọ̀nà, ẹni tó gbin ohun ọ̀gbìn ló ni owó rẹ̀ níbẹ̀ náà. Ẹ fi ìlà méjì kọ èyí sínú àdéhùn kí katakata tó wọ oko.

Olùkàwé yín,
Iléṣà.