Owó dé, ohùn rẹ ò dé

Òṣogbo

Àbẹ̀kẹ́ ọmọ mi,

Owó tí o fi ránṣẹ́ dé. Ìlọ́po mẹ́ta iye tí ò ń fi ránṣẹ́ tẹ́lẹ̀ ni, bẹ́ẹ̀ sì ni mi ò gbọ́ ohùn rẹ láti bí oṣù mẹ́ta. Ṣé owó ní í máa kí bàbá ẹni ni?

Ara ìyá rẹ le, orúnkún nìkan ló ń dà á láàmú. A ti ta ewúrẹ́ dúdú yẹn, ẹ̀fọ́ Ìyá Ìbejì tó máa ń jẹ ni kò jẹ́ ká sinmi. Atẹ́gùn ṣí páànù ilé ìdáná, a ti kàn án padà.

Ohun tó jẹ́ kí n mú bírò nìyí. Ọmọ Ìyá Ìbejì tó wà ní Hamburg sọ pé òun rí ọ níbi ìpàdé àwọn olóṣèlú kan tí wọn ò fẹ́ rí àlejò ní Jámánì. Ó ní kámẹ́rà wà léjìká rẹ, àti pé ọ̀dọ̀ àwọn tó ni ìpàdé lo dúró sí, o ò sí láàárín àwọn oníròyìn. Mo ní irọ́ ni. Àmọ́ mi ò rí oorun sùn láti ọjọ́ náà. Àbẹ̀kẹ́, ta ló ń sanwó kámẹ́rà yẹn?

Ìwọ lo sọ̀rọ̀ Hans Ertl fún mi. Inú rẹ ń dùn lórí fóònù lọ́jọ́ náà, ò ń sọ bí ará München yẹn ṣe ṣe kámẹ́rà tó bá àwọn tó ń bẹ́ sómi wọ abẹ́ omi lọ níbi Olympics ti Berlin ní 1936. Mo ní kí àbúrò rẹ wá fíìmù náà fún mi, mo wò ó, mo pàtẹ́wọ́. Àwọn èèyàn ń fò lójú ọ̀run bí ẹyẹ! Kódà Jesse Owens, aláwọ̀ dúdú bíi tiwa, tó gba góòlù 4 níbẹ̀, wà nínú fíìmù ìdíje náà. Ẹni tó bá wò ó á ní ìlú náà tòrò. Owó ìjọba Hitler ni wọ́n sì fi ṣe é.

Ọkùnrin náà mọṣẹ́, mi ò jiyàn. Ó gun òkè tí èèyàn ń wò tí ojú ń kọ́. Ní 1953, nígbà tí Hermann Buhl kọ́kọ́ dé ténté òkè Nanga Parbat ní Pakistan, Ertl wà nínú ikọ̀ wọn pẹ̀lú kámẹ́rà. Àmọ́ ó ti ya àwòrán fún Rommel, ọ̀gágun Hitler, lójú ogun ná, lẹ́yìn ogun ló sì kó ìyàwó àti ọmọ rẹ̀ mẹ́ta lọ sí Bòlífíà.

Ibi tí mo ti pa fóònù dé ni ọ̀rọ̀ Monika, ọmọ rẹ̀. Bàbá rẹ̀ ló fi kámẹ́rà lé e lọ́wọ́, wọ́n jọ wọ igbó lọ ya fíìmù. Ẹ̀yìn ìyẹn ló bá àwọn ajàjàgbara lọ. Wọ́n pa á ní 1973, bàbá rẹ̀ ò rí òkú rẹ̀ gbà sin. Bàbá náà ti pa kámẹ́rà tì, ó ti di àgbẹ̀. Ọdún 2000 ló kú, lẹ́ni ọdún 92. Mo ṣírò ọdún tó fi wà láyé láìsí ọmọ yẹn: 27.

Má rò pé mo ní ẹ̀san ni o. Mi ò fẹ́ gbọ́ nípa ẹ̀san tó ń fi ọmọ san gbèsè bàbá, torí tó bá jẹ́ òótọ́, ìwọ ló kàn.

Nígbà tí oyún rẹ wà nínú ìyá rẹ, àwọn kan gbé mi lọ sí Èkó láti ya fọ́tò ilẹ̀ kan létí ọ̀sà. Mo débẹ̀, ilé pákó ló kún un, àwọn obìnrin ń yan ẹja. Ọ̀gá tó mú mi lọ ní kí n kọjú lẹ́ńsì sí apá ibi tí omi wà, kí n má ya èèyàn kankan. Mo ṣe bẹ́ẹ̀. Fọ́tò náà mọ́ tónítóní. Òun ni wọ́n fi sọ pé kò sẹ́ni tó ń gbé ibẹ̀, kò pẹ́ sígbà náà tí katapílà fi dé. Kámẹ́rà Yashica tí o fi kọ́ṣẹ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, owó yẹn ni mo fi rà á. Ìyá rẹ ò mọ̀. Má sọ fún un.

Olóríkunkun ọmọ. Ta lo sì jọ, bí kò ṣe èmi? Bó bá jẹ́ pé iléeṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n ló rán ọ lọ, ya ojú wọn dáadáa, kí ayé rí wọn. Bó bá jẹ́ owó ilé ló há ọ lọ́fun, sọ fún mi, ilẹ̀ kan ṣì wà tí mo lè tà. Àmọ́ jẹ́ kí n mọ ẹni tó ń sanwó kámẹ́rà yẹn, Àbẹ̀kẹ́.

Owó rẹ wà ní báńkì bó ṣe dé. Ìyá rẹ fẹ́ fi ra oògùn orúnkún, mo parọ́ fún un pé nẹ́tíwọ́ọ̀kì báńkì ni kò dáa. Pè mí kí irọ́ náà tó tú. Lọ́jọ́ Sunday, ẹnu géètì ṣọ́ọ̀ṣì ni màá wà títí di aago méjì, ibẹ̀ ni ohùn ti ń já gaara.

Èmi ni,
Bàbá rẹ.