Ẹ kọ orúkọ Ìjàyè sí ojú títì Mọ́níyà sí Ìsẹ́yìn

Sí Olóòtú,

Ẹ kú iṣẹ́, ẹ kú akitiyan. Ọ̀rọ̀ títì tó ti Mọ́níyà ní Ìbàdàn gba Ìjàyè-Orílé lọ sí Ìsẹ́yìn ló gbé mi wá, mo sì bẹ̀ yín kí ẹ fún un láàyè nínú ìwé ìròyìn yín.

Ọmọ Ìsẹ́yìn ni mí, ìdílé aláṣọ òfì ni wọ́n bí mi sí. Ìbàdàn ni mò ń gbé, ṣùgbọ́n oṣù kan kì í lọ kí n má délé. Ọjà Òjé tí wọ́n ń ná ní ìtàdógún-ìtàdógún ni ìyá wa máa ń gbé aṣọ wá. Láyé ìgbà yẹn, ọ̀nà Ìjàyè ti bàjẹ́ débi pé Ọ̀yọ́ ni ọ̀pọ̀ awakọ̀ máa ń yí gbà. Bí awakọ̀ kan bá láyà láti gba Ìjàyè, ìyá wa á kọ́kọ́ fi ọ̀rá wé ìdì aṣọ rẹ̀, á fi ògbólógbòó ìró wé e, á wá fi okùn dì í gírígírí. Kì í fi bẹ́ẹ̀ bẹ̀rù ti sányán, torí àwọ̀ sányán sún mọ́ ti eruku. Etù, òfì aláwọ̀ aró dúdú, ni ẹ̀rù rẹ̀ máa ń bà á. Bí eruku pupa bá fi lè wọ etù, oníbàárà á ní wọ́n ti wọ̀ ọ́ rí. Mo rántí ọjọ́ kan ní Òjé tó fi búrọ́ọ̀ṣì gbọn etí etù kan ṣoṣo láti òwúrọ̀ títí oòrùn fi kan àtàrí.

Ọ̀nà náà ti dára báyìí. Ìjọba ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ lábẹ́ Gómìnà Ṣèyí Mákindé ló tún kìlómítà 65 náà ṣe, mo sì dúpẹ́ tọkàntọkàn. Títì ìpínlẹ̀ ni, èyí tí àwọn tó ń ya máàpù máa ń fi ìlà tínínrín yà. Ṣùgbọ́n ẹ wo ẹrù tó ń gbé: iṣu àti gààrí Òkè-Ògùn tó ń lọ sí ọjà Bódìjà ní Ìbàdàn, àti aṣọ tiwa náà. Láti ìgbà tí ọkọ̀ ojú irin tuntun ti bẹ̀rẹ̀ sí í ná Èkó sí Mọ́níyà lọ́dún 2021, ará Ìsẹ́yìn lè sọ̀ kalẹ̀ ní Mọ́níyà kó sì wọ rélùwéè lọ sí Èkó. Kí wọ́n ṣáà máa ro gọ́tà ibẹ̀ dáadáa, torí bí omi bá ti ráyè wọ abẹ́ ọ̀dà, ọ̀nà ti tún bàjẹ́ nìyẹn.

Ohun tó mú mi kọ̀wé ṣẹlẹ̀ lóṣù tó kọjá. Mo wọkọ̀ ní gáréèjì Mọ́níyà, ọmọkùnrin àgùnbánirọ̀ kan sì jókòó tì mí. Nígbà tí ọkọ̀ dẹwọ́ eré ní Ìjàyè, àwọn ọmọge tó ń ta ẹ̀pà sísè sáré bo fèrèsé. Ó ra ẹ̀pà, ó bi èyí tó tà á fún un pé kí lorúkọ ibẹ̀. Ìyẹn ní, "Ìjàyè ni." Ló bá yíjú sí mi: "Màmá, ṣé Ìjàyè tún wà níbí ni? Mo rò pé ti Èkó nìkan ló wà." Ìlú Ọ̀yọ́ ni wọ́n bí i, ibẹ̀ ló sì dàgbà sí. Kí n tó ronú ibi tí màá ti bẹ̀rẹ̀ àlàyé, a ti fi ibẹ̀ sílẹ̀.

Olóòtú, ó dùn mí wọ eegun. Ìlú Kúrunmí, Ààrẹ-Ọ̀nà-Kakaǹfò, ni ọmọ náà ń jẹ ẹ̀pà kọjá! Láyé Aláàfin Àtìbà, ìlú wo ló tún ń bá Ìbàdàn fagagbága nílẹ̀ Ọ̀yọ́ bí kò ṣe Ìjàyè? Nígbà tí Àtìbà wàjà lọ́dún 1859, Adélù tó jẹ́ Àrẹ̀mọ kò bá a kú gẹ́gẹ́ bí àṣà, ńṣe ló jọba. Kúrunmí fárígá, ó ní òun ò ní forí balẹ̀ fún un. Ojú ọ̀nà sì ni ìjà ti bẹ́ sílẹ̀. Obìnrin olówó kan tó ń jẹ́ Abu kú ní Ìjánná láìní àrólé. Aláàfin ránṣẹ́ lọ kó ẹrù rẹ̀, àwọn ará Ìjàyè sì lọ dá àwọn tó ń ru ẹrù náà bọ̀ lọ́nà. Ìbàdàn gbè sẹ́yìn Ọ̀yọ́, Ìbíkúnlé àti Ògúnmọ́lá, àwọn ọ̀gágun Ìbàdàn, kó ogun wá, àwọn Ẹ̀gbá sì wá gbèjà Ìjàyè. Ebi pa ìlú náà débi pé àwọn míṣọ́nnárì tó wà níbẹ̀ ń kó ọmọ wẹ́wẹ́ lọ sí Abẹ́òkúta kí wọ́n má baà kú. Kúrunmí kú lọ́dún 1861, ogun kó ìlú ní oṣù Kẹta ọdún 1862. Àwọn tó ṣẹ́ kù fọ́n ká. Ọ̀pọ̀ wọn sá lọ sí Abẹ́òkúta, Àgó-Ìjàyè sì wà níbẹ̀ dòní.

Ẹ̀bẹ̀ mi sí ìjọba ìpínlẹ̀ àti ìjọba ìbílẹ̀ Akínyẹlé ni pé kí wọ́n ri pátákó ńlá kan mọ́lẹ̀ níbi tí ọkọ̀ ti ń dẹwọ́ eré ní Ìjàyè. Èdè Yorùbá ni kí wọ́n fi kọ ọ́, pẹ̀lú àmì ohùn, kí lẹ́tà rẹ̀ sì tóbi kí ẹni tó wà nínú ọkọ̀ lè rí i kà. Orúkọ ìlú, orúkọ Kúrunmí, ọdún ogun náà, 1860 sí 1862, ó tó. Bí agbára bá ká a, kí wọ́n ri òmíràn síbi afárá odò Ògùn, torí odò yẹn náà ni wọ́n fi sọ wá lórúkọ, àwa tí wọ́n ń pè ní ará Òkè-Ògùn.

Tó bá jẹ́ owó pátákó ló máa dá a dúró, àwa aláṣọ òfì bíi mélòó kan ti sọ ọ́ láàárín ara wa pé a ó dá a. Àṣẹ ibi tí a ó rì í sí la ń tọrọ.

Èmi ni tiyín ní tòótọ́,
Ọmọ aláṣọ òfì, Ìbàdàn.