Ẹ yéé dé fìlà Póòpù kiri

Olóòtú,

Wọ́n tún ti ṣe é. Lẹ́yìn Mísà ọjọ́ Àìkú tó kọjá, ní ìjọ kan lágbègbè Ìgbómìnà níbí, wọ́n dìde ka ìkéde pé òbí tí kò bá tíì san owó lẹ́fì ilé fadá, wọn ò ní ṣe batísí fún ọmọ rẹ̀. Obìnrin kan béèrè pé òfin wo ló sọ bẹ́ẹ̀. Èsì tí wọ́n fọ̀ fún un ni pé: "Àgùdà ni wá. Póòpù kì í ṣàṣìṣe, àwa náà kì í bi Ìjọ léèrè ọ̀rọ̀." Gbogbo ilé pa lọ́lọ́. Obìnrin náà jókòó.

Kí ló kan Póòpù nínú bíríkì ilé fadá? Kò sì pé ọjọ́ méjì tí àwọn tó ń pe ètò ẹ̀sìn lórí rédíò ní Ìlọrin gbé tiwọn dé, pé àwọn Àgùdà ti sọ ènìyàn ẹlẹ́ran ara di Ọlọ́run, wọ́n ní kò lẹ́ṣẹ̀ lọ́rùn. Àwọn ará ìta, mo lè fi orí jì wọ́n, wọn ò mọ̀ ni. Àwọn tinú ilé ló ń bí mi nínú. Fìlà tí wọ́n rán fún orí kan ṣoṣo ni wọ́n ń dé kiri, láti orí alága ìgbìmọ̀ dé orí ẹni tó ń gba owó níbi bàsáà.

Ọ̀rọ̀ Yorùbá tí a fi ń pe ẹ̀kọ́ yìí, ìyẹn àìlèṣì Póòpù, ló kọ́kọ́ kó wa sí wàhálà. Àwọn kan ń pè é ní "aláìlẹ́ṣẹ̀". Ṣíṣẹ̀ àti ṣíṣì kì í ṣe ọ̀kan náà. Ẹni tó ṣẹ̀ mọ ohun tó tọ́, kò ṣe é; ẹni tó ṣì gba ibi tí kì í ṣe ọ̀nà. Ìjọ kò fìgbà kan kọ́ wa pé Póòpù kì í ṣẹ̀. Ní oṣù kẹta ọdún 2014 gbogbo ayé ló rí Póòpù Francis tó kúnlẹ̀ níwájú fadá lásán nínú ṣọ́ọ̀ṣì Pétérù Mímọ́ ní Róòmù, tó ń jẹ́wọ́ ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀. Ìjọ kò tilẹ̀ sọ pé kì í ṣì rárá. Ó lè ṣì nínú òṣèlú, nínú owó, nínú ẹni tó yàn sípò, àní nínú ìwàásù. Ní Avignon, lọ́dún 1331, Póòpù John Kejìlélógún wàásù pé ọkàn àwọn ẹni mímọ́ tó ti kú kò ní í rí ojú Ọlọ́run gan-an títí di ọjọ́ ìdájọ́. Àwọn onímọ̀ ẹ̀kọ́ ìsìn ní Paris takò ó, wọn ò sì torí ẹ̀ di kèfèrí. Kí Póòpù náà tó kú lóṣù kejìlá 1334, ó kó ọ̀rọ̀ rẹ̀ jẹ, nígbà tó sì di 1336, Benedict Kejìlá tó jẹ lẹ́yìn rẹ̀ fi òǹtẹ̀ lu òdìkejì ìwàásù yẹn. Ìwàásù Póòpù ṣeé takò, ìkéde alága ìgbìmọ̀ wá di ohun tí a kò gbọdọ̀ bi léèrè!

Ẹni tó bá mọ ààfin mọ̀ pé ọ̀rọ̀ tí ọba sọ níbi tó ti ń ta ayò kì í ṣe òfin ìlú. Ó dìgbà tó bá gúnwà, tí àwọn ìjòyè pé, tó sì sọ pé òun ń pàṣẹ. Látìn Ìjọ ní kí a máa pe irú èyí ní ex cathedra, ìyẹn láti orí àga. Àpérò Vatican Kìíní, ìpàdé àwọn bíṣọ́ọ̀bù gbogbo ayé ní Róòmù, ló fìdí ẹ̀kọ́ náà múlẹ̀ ní ọjọ́ 18 oṣù keje ọdún 1870, ohun mẹ́rin ló sì gbọ́dọ̀ pé. Póòpù fúnra rẹ̀ ni yóò sọ ọ́, gẹ́gẹ́ bí olùkọ́ gbogbo Kristẹni. Ọ́fíìsì kan ní Róòmù kò lè bá a sọ ọ́. Ọ̀rọ̀ ìgbàgbọ́ tàbí ti ìwà ni yóò jẹ́. Yóò hàn nínú ọ̀rọ̀ náà pé ó ń fi òpin sí àríyànjiyàn, kì í ṣe pé ó ń gbani nímọ̀ràn. Gbogbo Ìjọ lágbàáyé ni yóò sì dè. Bí ẹyọ kan bá dín nínú mẹ́rin yìí, kò sí àìlèṣì níbẹ̀. Òfin 749 nínú ìwé òfin Ìjọ ti 1983 tún ti ilẹ̀kùn mọ́ àwọn alásọdùn: bí kò bá hàn gbangba pé bẹ́ẹ̀ ló rí, kí ẹnikẹ́ni má kà á sí ẹ̀kọ́ tí kò lè ṣì.

Ẹ̀ẹ̀melòó ló ti ṣẹlẹ̀? Méjì péré ni gbogbo ènìyàn fẹnu kò lé lórí. Èkíní ni ti 8 oṣù kejìlá 1854, tí Pius Kẹsàn-án kéde pé láti ìgbà tí wọ́n ti lóyún Màríà ni ẹ̀ṣẹ̀ àbínibí kò ti kàn án. Èyí ṣáájú Àpérò náà pàápàá. Èkejì ni ti 1 oṣù kọkànlá 1950, tí Pius Kejìlá kéde pé a gbé Màríà tara-tọkàn lọ sọ́run. Kó tó ṣe èyí, ó ti kọ̀wé sí àwọn bíṣọ́ọ̀bù gbogbo ayé ní 1946, ó bi wọ́n pé kí ni àwọn àti ìjọ wọn gbà gbọ́. Póòpù tó ní àṣẹ láti dá a sọ, ó kọ́kọ́ béèrè. Láti ìgbà náà títí kan Leo Kẹrìnlá tó wà lórí àga láti oṣù karùn-ún 2025, kò sí ìkẹta.

Ẹ jẹ́ ká wo ọjọ́ tí wọ́n dìbò lé ẹ̀kọ́ yìí ní Àpérò 1870 gan-an, torí àwọn tó ń fi ẹ̀kọ́ yìí pa àwọn ènìyàn lẹ́nu mọ́ kò mọ bí wọ́n ṣe bí i. Ní ọjọ́ 13 oṣù keje 1870, wọ́n kọ́kọ́ dìbò ìdánwò. Bíṣọ́ọ̀bù 451 ní "placet", ó tẹ́ wa lọ́rùn. Méjìdínláàádọ́rùn-ún, ìyẹn 88, ní "non placet", kò tẹ́ wa lọ́rùn. Àwọn 62 ní àwọn gbà, ṣùgbọ́n ó ku ohun kan. Àwọn kan nínú wọn gbà pé òótọ́ ni, wọ́n ní àsìkò rẹ̀ ni kò tíì tó. Nígbà tí ọjọ́ ìdìbò gidi kù sí dẹ̀dẹ̀, àwọn tó lé ní àádọ́ta di ẹrù wọn, wọ́n kúrò ní Róòmù kí wọ́n má baà sọ "rárá" lójú Póòpù. Ní ọjọ́ 18, òjò ńlá ń rọ̀, àrá ń sán, inú ṣọ́ọ̀ṣì ṣú tó bẹ́ẹ̀ tí wọ́n fi ní láti gbé iná àbẹ́là wá kí Póòpù lè rí ìwé kà. 533 ní bẹ́ẹ̀ ni. Àwọn méjì ní rárá: bíṣọ́ọ̀bù Cajazzo ní Ítálì àti ti Little Rock ní Amẹ́ríkà. Lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀ ni àwọn méjèèjì tẹrí ba. Kò sí ẹni tó lé wọn síta, kò sí ẹni tó ní kí wọ́n jókòó.

Ogun Faransé àti Prussia bẹ́ lọ́jọ́ kejì, àwọn ọmọ ogun Ítálì gba Róòmù lọ́jọ́ 20 oṣù kẹsàn-án, Àpérò náà sì dáwọ́ dúró. Ó ti sọ ti Póòpù tán, kò tíì ráyè sọ ti àwọn bíṣọ́ọ̀bù. Ibẹ̀ ni ìwọ̀n ti fì sí apá kan títí di 1964, tí Vatican Kejì fi kọ ọ́ sílẹ̀ pé àwọn bíṣọ́ọ̀bù pẹ̀lú Póòpù ló jọ ń kọ́ Ìjọ. Ṣùgbọ́n orí 1870 ni ọ̀pọ̀ àwọn aláṣẹ wa sùn sí, ìdajì rẹ̀ pàápàá ni wọ́n kà.

Àwọn ará ìta, ẹ fetí sílẹ̀ díẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ jáde ní ilé ẹ̀kọ́ Bíbélì ní Ìgbàjà tàbí níbòmíràn, tí ẹ máa ń fi Gálátíà 2:11 gbá wa lẹ́nu: òótọ́ ni pé Pọ́ọ̀lù bá Pétérù wí lójú gbogbo ayé ní Áńtíókù. Ohun tó bá a wí lé lórí ni pé ó ń bá àwọn Kèfèrí jẹun tẹ́lẹ̀, nígbà tí àwọn kan dé ó fà sẹ́yìn. Ìwà ni, kì í ṣe ẹ̀kọ́. Ti Póòpù Honorius ló le jùyẹn: Àpérò Constantinople dá a lẹ́bi ní 681 nítorí ìwé tó kọ tó gbe ẹ̀kọ́ òdì lẹ́sẹ̀, nígbà tó ti kú láti 638. Àwọn bíṣọ́ọ̀bù tó takò ní 1870 gbé ọ̀rọ̀ rẹ̀ síwájú, èsì tí wọ́n gbọ́ sì ni pé lẹ́tà sí ẹnì kan ni, kì í ṣe ìpinnu fún gbogbo Ìjọ. Ẹ lè ní èsì náà kò tó yín. Ẹ ṣáà mọ̀ pé a kò fi pamọ́.

Àwọn oníròyìn náà kò mọ́ nínú rẹ̀. Nígbà tí ọ́fíìsì ẹ̀kọ́ ìgbàgbọ́ ní Róòmù gbé ìwé ìbùkún jáde ní 18 oṣù kejìlá 2023, èyí tó gba fadá láyè láti súre fún ọkùnrin méjì tàbí obìnrin méjì tó ń fẹ́ ara wọn, kò sí ibi tí a kò ti gbọ́ pé "Póòpù ti so ọkùnrin pọ̀ mọ́ ọkùnrin". Ìwé náà fúnra rẹ̀ ní láàárín ọkùnrin àti obìnrin ni ìgbéyàwó wà. Ní 11 oṣù kìíní 2024, Kádínà Ambongo ti Kinshasa gbẹnu sọ fún àwọn bíṣọ́ọ̀bù Áfíríkà pé irú ìbùkún bẹ́ẹ̀ kò ní í wáyé lọ́dọ̀ wa, Póòpù sì mọ̀ sí i. Bó bá jẹ́ ẹ̀kọ́ tí kò lè ṣì ni, ta ló tó bẹ́ẹ̀?

Àṣẹ ìṣàkóso tún yàtọ̀. Ní Ahiara ní ìpínlẹ̀ Imo, wọ́n kọ bíṣọ́ọ̀bù Okpaleke tí Róòmù yàn fún wọn ní 2012. Kádínà Onaiyekan, tó ti ṣe bíṣọ́ọ̀bù wa ní Ìlọrin rí, ni wọ́n fi síbẹ̀ láti bójú tó o. Ní 2017 Póòpù ní kí fadá kọ̀ọ̀kan kọ̀wé ìtẹríba láàárín 30 ọjọ́. Ní 2018 Okpaleke fipò sílẹ̀, ó sì di kádínà ní 2022. Àṣẹ le koko, àmọ́ kò sí ẹni tó pe ìyànsípò yẹn ní ohun tí kò lè ṣì. Ibi tí àríyànjiyàn tòótọ́ ṣì wà ni ọ̀rọ̀ obìnrin àti oyè fadá: John Paul Kejì ní ní 1994 pé Ìjọ kò lágbára láti ṣe é, ọ́fíìsì ẹ̀kọ́ fi kún un ní 1995 pé kò lè ṣì, àwọn onímọ̀ òfin sì ń bi ara wọn bóyá ọ́fíìsì lè sọ bẹ́ẹ̀.

Àtúnṣe tí mo ń wí kò náni lówó: bébà kan ṣoṣo, ojú méjèèjì, ní Yorùbá. Ojú kìíní, kí wọ́n tẹ gbólóhùn 1870 sí i, gbólóhùn kan ni, pẹ̀lú ìbéèrè mẹ́rin lábẹ́ rẹ̀: Ta ló sọ ọ́? Nípa kí ni? Ṣé ó fi òpin sí i? Ta ló dè? Ojú kejì, agbọ̀n mẹ́rin. Agbọ̀n kìíní, ìpinnu láti orí àga: ìgbàgbọ́ ló yẹ ẹ́. Èkejì, ẹ̀kọ́ ojoojúmọ́ Póòpù àti bíṣọ́ọ̀bù: òfin 752 ní kí ọkàn àti ìfẹ́ wa tẹrí ba fún un, ẹni tí kò yé, kó kàwé, kó béèrè. Ẹ̀kẹta, òfin tó lè yí padà, bí ààwẹ̀ ṣáájú kọmúníọ̀n: láti òru ọ̀gànjọ́ ni tẹ́lẹ̀, ó di wákàtí mẹ́ta ní 1957, ó di wákàtí kan ní 1964. Ẹ̀kẹrin, ìkéde páríṣì, owó, àga, jẹnẹrétọ̀: Póòpù kò sí níbẹ̀ rárá.

Kí katikíìsì lo wákàtí kan pẹ̀lú àwọn ọmọ kọnfaméṣọ̀n. Kó má kà á fún wọn bí ewì, wọ́n á kàn há a sórí ni. Kó kó ìwé márùn-ún wá, ìkéde ọjọ́ Àìkú, lẹ́tà bíṣọ́ọ̀bù, lẹ́tà Póòpù, ìwé ọ́fíìsì Róòmù àti ìpinnu 1950, kí àwọn ọmọ fi ọwọ́ ara wọn pín wọn sínú agbọ̀n. Ìwé ọ́fíìsì Róòmù ni ọ̀pọ̀ yóò ṣì pín, torí orúkọ Póòpù máa ń wà nísàlẹ̀ rẹ̀. Kó dúró síbẹ̀ dáadáa. Kí wọ́n má lẹ bébà náà mọ́ ọ́fíìsì fadá tí kò sẹ́ni tó ń wọ̀ ọ́. Ẹ̀gbẹ́ omi mímọ́ lẹ́nu ọ̀nà ni kó wà, kí lẹ́tà rẹ̀ sì tóbi tó ojú àwọn ìyá àgbà.

Ní ti owó, òfin 1287 ní kí wọ́n jíhìn ohun tí ìjọ fi sílẹ̀ fún ìjọ. Ní ti batísí, òfin 848 ní kí òṣìṣẹ́ sákírámẹ́ntì má gbà ju iye tí aláṣẹ là sílẹ̀, kí aláìní má sì pàdánù sákírámẹ́ntì nítorí àìlówó. Lóòótọ́, òfin 222 ní ká ran Ìjọ lọ́wọ́. Kò ní kí wọ́n fi ọmọ ọwọ́ dógò. Ẹni tí wọ́n bá fi irú àṣẹ yìí dè, kó kọ̀wé sí bíṣọ́ọ̀bù láàárín ọjọ́ 15, kó fọwọ́ sí i, kó kọ déètì, kó tọ́jú ẹ̀dà kan. Ibi tí ọ̀pọ̀ ti ń pàdánù ni pé WhatsApp ni wọ́n kọ́kọ́ ń sá lọ, ọjọ́ 15 á sì lọ.

Olóòtú, bí ẹ bá tẹ lẹ́tà yìí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má kọ "aláìlẹ́ṣẹ̀" sí àkọlé rẹ̀.

Ọmọ ìjọ Àgùdà kan,
Òmù-Àrán, ìpínlẹ̀ Kwara