Adágún yẹn ò gbọdọ̀ máa ṣojúsàájú

Olóòtú wa, ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ sì bá wa kí ọ̀gá tó ń kọ ìtàn àròsọ ọ̀sọ̀ọ̀sẹ̀ yẹn, ojú ewé yẹn ni mo kọ́kọ́ máa ń ṣí kí n tó wo ìròyìn kankan. Ọ̀rọ̀ Adágún Gbórúkọ ló gbé mi wá.

Fún ẹni tí ò tíì kà á, omi kan ló wà láàárín òkè mẹ́ta nínú ayé tí òǹkọ̀wé yìí fi orí ara ẹ̀ dá, omi náà dúdú, kì í mì, ẹyẹ kì í fò kọjá lórí ẹ̀, tí wọ́n bá ti dárúkọ èèyàn létí ibẹ̀ omi á gba orúkọ náà, kò sẹ́ni tó máa mọ onítọ̀hún mọ́ láyé, ìyá tó bí i gan-an á máa bi í pé ta lẹ wá rí. Ibi tí ọdẹ yẹn ti délé tó rí i pé abọ́ tóun fi ń jẹun ni wọ́n ti fi ń bu omi fún adìẹ, tí ìyàwó ẹ̀ wá ń gbé àga fún un bí àlejò, tó ń kúnlẹ̀ kí i pé ẹ káàbọ̀ sà, mi ò rí oorun sùn lálẹ́ ọjọ́ yẹn. Ẹ̀rù gidi nìyẹn.

Àfi bí ọmọbìnrin ọba ṣe débẹ̀ lọ́sẹ̀ tó kọjá, àwọn ẹ̀ṣọ́ ẹ̀ ń pariwo orúkọ ẹ̀ káàkiri etí omi, omi ò ṣe nǹkan kan, wọ́n ní torí pé ọkàn ẹ̀ mọ́ ni. Ha! Ṣé ti ọdẹ yẹn dọ̀tí ni? Ọkùnrin tó jẹ́ pé ọmọ aládùúgbò tó sọnù ló ń wá kiri! Tí omi bá ń wojú èèyàn kó tó gba orúkọ, a jẹ́ pé òǹkọ̀wé ló ń ṣe é, kì í ṣe omi, àwa náà sì ti mọ ẹni tí nǹkan kan ò ní ṣe nìyẹn.

Ibi tó léwu lóòótọ́ kì í wojú ẹnikẹ́ni. Ẹ wo adágún Nyos ní Kamẹrúùnù, lálẹ́ ọjọ́ 21 oṣù Kẹjọ ọdún 1986, gáàsì carbon dioxide tó ti kóra jọ sísàlẹ̀ omi tú jáde lójijì, ó wúwo ju atẹ́gùn lọ, ló bá ń ṣàn wọnú àfonífojì, ó pa èèyàn bí 1,700 àti ẹran ọ̀sìn tó pọ̀ lọ jàra. Kò bi ẹnikẹ́ni bóyá ọkàn ẹ̀ mọ́. Ẹni tó wà níbi tó ga ló ṣeé ṣe kó yè é.

Èyí tó tiẹ̀ wá jọ ìtàn yín jù ni ihò kan ní Hierapolis, ní Túrkì, táwọn ará àtijọ́ gbà pé ẹnu ọ̀nà ilé àwọn òkú ni. Strabo, ọ̀mọ̀wé Gíríìkì kan, kọ ọ́ sílẹ̀ pé òun ju ológoṣẹ́ síbẹ̀, ojú ẹsẹ̀ ni wọ́n kú. Akọ màlúù tí wọ́n bá mú wọbẹ̀ á ṣubú kú, àwọn àwòrò á wọlé, wọ́n á tún jáde láìfarapa. Idán, àbí? Gáàsì kan náà ni o, ìsàlẹ̀ ilẹ̀ ló máa ń sùn sí, imú màlúù sì sún mọ́lẹ̀ ju ti èèyàn tó dúró lọ, Strabo gan-an sì kíyè sí i pé ṣe làwọn àwòrò yẹn ń sé èémí. Wọ́n mọ òfin ibẹ̀ ni, aráàlú sì rò pé ìwà mímọ́ ni.

Kí òǹkọ̀wé fún adágún ẹ̀ lófin, ohun tí mo ń bẹ̀bẹ̀ fún nìyẹn. Ṣé orúkọ àbísọ nìkan ló ń gbọ́ ni àbí àti àdápè? Tí wọ́n bá fi ìlù pè é ńkọ́? Ṣé dandan ni kí onítọ̀hún wà nítòsí? Torí tí kì í bá ṣe dandan, gbogbo ẹni tó lọ́tàá ni ì bá ti sáré lọ síbẹ̀, onígbèsè á sì lọ pariwo orúkọ ara ẹ̀ kí ilẹ̀ tó mọ́. Abúlé kan wà nísàlẹ̀ òkè yẹn tí òǹkọ̀wé kàn mẹ́nu bà tó sì kọjá lọ, àwọn yẹn gan-an ni mo fẹ́ mọ̀, báwo ni wọ́n ṣe ń pe ọmọ wọn wọlé lálẹ́?

Ti ọmọ ọba yẹn náà ṣì ṣeé tún ṣe, ẹ bá mi sọ fún un. Kó jẹ́ pé orúkọ táwọn ẹ̀ṣọ́ ń pariwo kì í ṣe orúkọ ẹ̀ rárá, wọ́n fi pa á mọ́ láti kékeré ni. A jẹ́ pé ẹlòmíì wà láàfin tó ń jẹ́ orúkọ yẹn lóòótọ́, tí ò sẹ́ni tó mọ̀ ọ́n mọ́ láti ọ̀sẹ̀ tó kọjá. Mo ń retí ti Sátidé o.

Èmi ni tiyín,
Òǹkàwé yín