Lẹ́tà sí Bísí: Bàbá ní àwọn ò lọ kíláàsì kankan

Bísí mi ọ̀wọ́n,

Òtútù ń kọ́? Àwọn ọmọ ń kọ́? Baálé ilé ń kọ́? Mo mọ̀ pé o ti ń sọ lọ́kàn ara rẹ pé kí n fi ìkíni sílẹ̀ kí n sọ ohun tó dé, torí bí Rónkẹ́ bá ti jókòó kọ lẹ́tà dípò kó tẹ WhatsApp, nǹkan wà níbẹ̀. Nǹkan wà níbẹ̀ lóòótọ́. Bàbá tó kọ́ mi níṣẹ́ gáìdì lórí àpáta Olúmọ ti fárígá. Wọ́n ní àwọn ò lọ kíláàsì kankan, ẹni tó bá fẹ́ lé àwọn kúrò ní Olúmọ kó wá lé àwọn.

Jẹ́ kí n rọra sọ ọ́. Àwọn aláṣẹ ní gbogbo àwa gáìdì tí à ń mú àlejò gòkè, àti àwọn tó wà ní hòtẹ́ẹ̀lì, àti àwọn awakọ̀ tó ń lọ gbé àlejò ní ibùdó ọkọ̀ ojú irin, ká wá gba ìdánilẹ́kọ̀ọ́. (Láti ìgbà tí ọkọ̀ ojú irin Èkó sí Ìbàdàn ti bẹ̀rẹ̀ ní 2021, àwọn ará Èkó kan ń gun ọkọ̀ wá láàárọ̀, wọ́n á gun Olúmọ, wọ́n á ra adìrẹ ní Ìtòkú, wọ́n á sì padà sílé lọ́jọ́ náà. O ò bá irú èyí nílé.) Òfin 2022 ni wọ́n ń tọ́ka sí, èyí tó fún NIHOTOUR, àjọ ìjọba àpapọ̀ tó ń rí sí ẹ̀kọ́ iṣẹ́ àlejò àti ìrìnàjò afẹ́, lágbára láti máa forúkọ òṣìṣẹ́ ìrìnàjò afẹ́ àti iṣẹ́ àlejò sílẹ̀, kí wọ́n sì máa fún wọn ní ìwé ẹ̀rí. Àwọn kan gba iṣẹ́ ìdánilẹ́kọ̀ọ́ náà ṣe, wọ́n háyà gbọ̀ngàn, wọ́n gbé ẹ̀rọ amúnáwá wá, wọ́n ní ká máa bọ̀.

Mo lọ. Ṣé mo lè sọ pé mi ò lọ ni? Ìwọ àti èmi la jọ wà níbẹ̀ ní 2020 tí hòtẹ́ẹ̀lì tilẹ̀kùn, tí ọ̀gá ní ká máa lọ sílé, òun á pè wá. Títí dòní, fóònù náà ò tíì dún. Ẹni tí irú ìyẹn bá ti bá rí, tó bá wá gbọ́ pé ìwé kan wà tí kò ní jẹ́ kí wọ́n tètè lé òun, á sáré lọ gbà á ni.

Kí n má purọ́, mo gbádùn rẹ̀. Ẹ̀kọ́ ìtọ́jú pàjáwìrì ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀. Wọ́n tẹ́ bèbí ńlá kan sílẹ̀ tí wọ́n fi ń kọ́ wa bí a ṣe ń jí ẹni tí ọkàn rẹ̀ dáwọ́ dúró, kò ní ọwọ́, kò ní ẹsẹ̀, ó kàn la ẹnu sílẹ̀ bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ gbọ́ iye tí wọ́n ń ta dọ́là. Èèyàn á tẹ̀ ẹ́ láyà nígbà 30, á fún un ní èémí nígbà 2, á tún bẹ̀rẹ̀. Ìtẹ̀ náà gbọ́dọ̀ yá o, 100 sí 120 láàárín ìṣẹ́jú kan. Olùkọ́ ní kí kálukú wá orin tó bá a mu. Àwọn ọmọdé kọ orin tiwọn. Èmi dá orin ìdúpẹ́ tí wọ́n máa ń kọ ní ṣọ́ọ̀ṣì wa, ìlù rẹ̀ gbóná jù, mo fẹ́rẹ̀ẹ́ fọ́ ìhà bèbí onítọ̀hún. Gbogbo kíláàsì ń rẹ́rìn-ín, èmi náà ń rẹ́rìn-ín, bẹ́ẹ̀ ọkùnrin Èkó ọjọ́ yẹn ló wà lọ́kàn mi, èyí tó dákú mọ́ wa lọ́wọ́ lórí àtẹ̀gùn. Ọlọ́run ló yọ wá tó fi jí. Ẹ jẹ́ ká fi ìyẹn sílẹ̀.

Wọ́n tún kọ́ wa ní Faransé díẹ̀, nítorí àwọn tó ń ti Kútọnu àti Àjàṣẹ́ wá. Gbólóhùn tó bọ́ sí mi lẹ́nu jù ni "attention à la tête", kí wọ́n ṣọ́ orí wọn tí a bá ń wọ abẹ́ àpáta. Mo ti sọ ọ́ fún ọkọ mi, mo ti sọ ọ́ fún adìyẹ, mo sọ ọ́ fún lándílọ́ọ̀dù lọ́jọ́ tó wá béèrè owó ilé. Lẹ́yìn náà ni wọ́n ṣí Google fún wa, wọ́n fi hàn wá bí àlejò ṣe ń fún wa ní ìràwọ̀ tí wọ́n sì ń kọ ọ̀rọ̀ sábẹ́ rẹ̀. Ẹnìkan kọ ọ́ pé obìnrin tó mú àwọn gòkè ń sọ̀rọ̀ jù. Kò dárúkọ. Gbogbo wọn yíjú, wọ́n ń wò mí. Mo ní ẹ má wò mí.

Ọjọ́ tó dùn mọ́ mi jù ni ọjọ́ ìtàn. Wọ́n ní ká máa ya ohun tó wà lákọsílẹ̀ sọ́tọ̀ kúrò lára ohun tí àwọn àgbà ń sọ, ká sì jẹ́ kí àlejò mọ èwo lèwo. Pé 1830 ni Ẹ̀gbá dé ibí, pé Ṣódẹkẹ́ ló ṣáájú wọn, ìyẹn wà lákọsílẹ̀. Ṣùgbọ́n ọ̀kan nínú wa (o mọ̀ ọ́n, ẹlẹ́nu ṣíṣàn yẹn) ní ẹgbẹ̀rún mẹ́wàá èèyàn ló ń sùn lábẹ́ àpáta náà lálaalẹ́ nígbà ogun. Olùkọ́ rọra bi í pé, "Ẹ̀gbọ́n, ta ló kà wọ́n?" Kò tíì rí èsì fọ̀ títí tí mo fi ń kọ ìwé yìí.

Wàyí o, ibi tí ọ̀rọ̀ Bàbá ti wọ̀ ọ́ nìyí. Ẹ̀kọ́ wa dé orí bí èèyàn ṣe ń mú arúgbó tàbí ẹni tára rẹ̀ ò le gòkè láì jẹ́ kó mí hẹlẹ, kí ojú má sì tì í. Olùkọ́ ń to kókó sójú pátákó, èmi ń wò ó, orí mi wú. Bísí, ohun tí Bàbá ń ṣe lójoojúmọ́ ayé wọn ni. O rántí ibi tí wọ́n máa ń dúró sí, níwájú àwọn kòtò kéékèèké tí àwọn obìnrin ìgbà ogun fi ń lọ ata. Wọ́n á bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, wọ́n á ki ọwọ́ bọ ọ̀kan, wọ́n á ní kí àlejò náà ki tirẹ̀ bọ̀ ọ́ kó fọwọ́ kan bó ṣe ń dán. Ní gbogbo àkókò yẹn, àyà àlejò ni wọ́n ń wò. Bó bá ṣì ń mí hẹlẹ, ìtàn Lísàbí á wọlé, á gùn, á tún yà sọ́nà oko. Bí èémí bá ti rọlẹ̀, ìtàn á tán lójijì: "Ó yá, ẹ jẹ́ ká máa bá a lọ." Gbogbo ọdún yẹn, mo rò pé ìtàn lásán ni wọ́n ń pa. Ìdí nìyẹn tí ìtàn Lísàbí wọn kì í fi í gùn bákan náà lẹ́ẹ̀mejì!

Mo nawọ́, mo sọ ọ́. Olùkọ́ dá iṣẹ́ dúró, ó gbé bírò, ó ń kọ ọ́ sílẹ̀. Ó ní ṣé mo lè mú Bàbá wá. Mo ní kí ló dé tí mi ò ní lè mú wọn wá. Mo fò sókè, mo fi kẹ̀kẹ́ gbéra lọ bá wọn nílé, mo ra àkàrà dání.

Wọ́n jẹ àkàrà náà tán kí wọ́n tó dá mi lóhùn. "Rónkẹ́, èmi tí mo kọ́ ẹ níṣẹ́, kí n wá lọ jókòó sídìí ọmọ tí mo lè bí lọ́mọ?" Mo ní kì í ṣe bẹ́ẹ̀, Bàbá. Wọ́n ní báwo wá ni. Mo ṣàlàyé ìwé ẹ̀rí, mo ṣàlàyé òfin. Wọ́n ní, "Ta ló fún Ṣódẹkẹ́ ní sàtífíkéètì tó fi mú Ẹ̀gbá dé ibí?" Kí lo fẹ́ kí n sọ sí ìyẹn?

Nígbà tí a rẹ́rìn-ín tán ni ọ̀rọ̀ gidi tó jáde. Ọ̀rọ̀ ọmọ oníkámẹ́rà yẹn tó wá ya wọ́n ní fídíò ṣì wà nínú wọn. Àwọn ọmọ àdúgbò ti fi fídíò náà hàn wọ́n lórí YouTube, wọ́n rí ojú ara wọn níbẹ̀, wọ́n gbọ́ ohùn ara wọn, wọ́n sì gbọ́ pé owó ń wọlé fún ẹni tó gbé e síbẹ̀. Mínírà kan àti bísíkítì ni ọmọ náà fún wọn lọ́jọ́ náà. Wọ́n ní èyí náà kò yàtọ̀: wọ́n fẹ́ gba ohun tó wà níkùn àwọn tán, kí wọ́n gbé e fún ọmọ tó gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì ju àwọn lọ, kí wọ́n wá ní kí àwọn máa lọ sinmi. Mi ò lè búra fún wọn pé irọ́ ni. Kíláàsì yẹn kọ́ wa ní ohun tí a ò mọ̀, mi ò jiyàn. Àmọ́ kò sẹ́ni tó bi wá léèrè ohun tí a ti mọ̀ kí wọ́n tó kọ ìwé tí wọ́n fi ń kọ́ wa. Mo sì bi wọ́n ní gbangba bóyá ìwé ẹ̀rí yìí á mú nǹkan kan kún owó oṣù. Wọ́n ní ọwọ́ àwọn ọ̀gá nìyẹn wà. Ìwọ náà mọ ohun tí ìyẹn túmọ̀ sí.

Kí n má gbàgbé: Tọ́pẹ́ bí ìbejì, ọkùnrin méjèèjì, orúnkún Màmá ti ń san, ìjì ṣí páànù ilé ìdáná wa, a ti kàn án padà, alájọ wa sá lọ, wọ́n rí i mú ní Ṣágámù, Fẹ́mi wọ Poly.

Mo tiẹ̀ ti fẹ́ sọ fún ẹ tẹ́lẹ̀ pé kí o wá ọ̀nà fún èmi náà, kí n wá bá ẹ tọ́jú àwọn arúgbó òyìnbó. Àṣé ìjọba UK ti ti ilẹ̀kùn físà iṣẹ́ yẹn mọ́ àwa tá a ṣì wà nílé láti July 2025. Ó dáa náà. Ta ló mọ̀ bóyá màá máa fi "attention à la tête" dà wọ́n láàmú. Ṣùgbọ́n mo ń ronú nípa rẹ lójoojúmọ́ tí mo bá ń lọ kíláàsì yìí. O sọ fún mi nígbà kan pé ọjọ́ tí wọ́n kọ́ ẹ bí wọ́n ṣe ń yí aláìsàn sẹ́gbẹ̀ẹ́ lórí bẹ́ẹ̀dì, ilé ìwẹ̀ lo lọ tì mọ́ra rẹ sunkún, ìwọ tí gbogbo hòtẹ́ẹ̀lì ń bẹ̀rù nídìí tábìlì ìgbàlejò. Nígbà yẹn, "pẹ̀lẹ́" ni mo sọ, mo yí ọ̀rọ̀ sí nǹkan mìíràn. Ó ti wá ń yé mi báyìí. Kí èèyàn ti mọ iṣẹ́ kan dunjú, kó wá padà di ẹni tó ń nawọ́ béèrè ààyè kó tó sọ̀rọ̀, kì í ṣe kékeré.

Ìdánwò tèmi di ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀. Orí kọ̀ǹpútà ni, Gẹ̀ẹ́sì sì ni. Ìka kan ni mo fi ń tẹ̀ ẹ́. Fẹ́mi ní kí n má bẹ̀rù. Ẹ̀rù ń bà mí.

Bàbá ò lè jókòó sí irú ìdánwò yẹn, gbogbo wa la mọ̀. Àmọ́ olùkọ́ náà fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó ní ọ̀nà mìíràn wà. Ó ní ètò ìwé ẹ̀rí iṣẹ́ tí NBTE, àjọ ìjọba tó ń rí sí ẹ̀kọ́ ìmọ̀ iṣẹ́, ń bójú tó, NSQ ni wọ́n ń pè é, fàyè gba kí wọ́n dán ẹni tó ti ń ṣiṣẹ́ tipẹ́ wò lẹ́nu iṣẹ́ rẹ̀, láì jókòó ní kíláàsì. Wọ́n á tẹ̀ lé e, wọ́n á wo bó ṣe ń ṣe é, wọ́n á bi í ní ìbéèrè, wọ́n á kó ẹ̀rí jọ. Ó ní òun á bá wọn sọ ọ́ kí wọ́n fi Yorùbá bi Bàbá ní ìbéèrè. Orí Olúmọ gan-an, níwájú kòtò ata, ibi tí ẹnikẹ́ni ò lè fìdí wọn rẹmi. Ohun kan ṣoṣo tó dí i ni pé fídíò wà nínú ẹ̀rí tí wọ́n fẹ́ kó. Mo sì ti sọ fún ẹ bí ọ̀rọ̀ fídíò ṣe rí.

Nítorí náà, Bísí, mo bẹ̀ ẹ́. Èmi ni wọ́n ń bá jà, wọn ò ní gbọ́ tèmi. Ìwọ ni Tinúubú wọn, bí Ìyálóde Ẹ̀gbá ìgbà ogun yẹn. Fìlà tí o fi ránṣẹ́ lọ́dún yẹn, òun ni wọ́n ṣì ń dé gòkè lọ́jọ́ ọdún. Pè wọ́n lálẹ́ Sunday. Jẹ́ kó kọjá aago mẹ́jọ tibí, wọn kì í gbé fóònù kí wọ́n tó jẹun tán. Sọ̀rọ̀ sókè, etí òsì ti ń wúwo. Má bẹ̀rẹ̀ lórí ìwé ẹ̀rí rárá o. Ọ̀rọ̀ iṣẹ́ tìẹ ni kí o kọ́kọ́ sọ, bí wọ́n ṣe fi ọmọ kékeré jẹ ọ̀gá lé ẹ lórí, kí wọ́n bá ẹ káàánú dáadáa. Lẹ́yìn náà ni kí o wá béèrè iṣẹ́ tiwọn. Má sì sọ pé èmi ni mo ní kí o pè.

Èkejì: àbúrò ọkọ rẹ tó jẹ́ lọ́yà, ṣé kò lè bá wa kọ ìwé pélébé kan, ojú ewé kan péré? Kí ó sọ pé fídíò Bàbá kò ní kúrò lọ́dọ̀ àwọn tó ń dán wọn wò, wọn ò ní gbé e sórí íntánẹ́ẹ̀tì, àti pé bí wọ́n bá fẹ́ fi ọgbọ́n Bàbá kọ́ àwọn ọmọ tuntun, Bàbá fúnra wọn ni kí wọ́n pè wá kọ́ wọn, kí wọ́n sì sanwó fún wọn bí wọ́n ṣe ń sanwó fún olùkọ́ yòókù. Mo ti sọ ọ́ fún olùkọ́ náà, ó ní òun ò lòdì sí i, kí ìwé sáà ti wà. Mi ò lówó lọ́yà, o mọ̀. Màá fi adìrẹ san án.

Ìparí oṣù yìí ni wọ́n máa ti ìforúkọsílẹ̀ pa. Tètè dá mi lóhùn, ì báà jẹ́ lórí WhatsApp.

Èmi ni tìẹ,
Rónkẹ́

Mo tún rántí: àpò adìrẹ tí o ní kí n rà ti wà lọ́wọ́ àbúrò Tọ́pẹ́ tó ń bọ̀ ní Manchester. Aró gidi ni, kì í ṣe èyí tí wọ́n fi ẹ̀rọ tẹ̀. Omi tútù ni kí o fi fọ̀ ọ́, kí o má sì pa á pọ̀ mọ́ ṣẹ́ẹ̀tì funfun ọkọ rẹ, kó má di pé èmi ni wọ́n máa bú.