Ẹ Gba Ọmọ Lọ́wọ́ Wọn, Ẹ Yéé Bá Wọn Wí

Sí Olóòtú,

Ẹ kú iṣẹ́ ìròyìn o. Lẹ́tà bàbá kan tí ẹ tẹ̀ jáde lọ́sẹ̀ tó kọjá ló mú mi gbé gègé lónìí. Bàbá ní àwọn ìyá òde òní ò mọ ọmọ tọ́ mọ́. Wọ́n ní láti kékeré ni wọ́n ti ń kó ọmọ lọ sí jẹ́lé-ó-sinmi, pé fóònù ni wọ́n ń tẹ̀, pé bí ọmọ bá ké díẹ̀ báyìí, ìyá náà á bú sẹ́kún. Wọ́n ní ìyá tó bí àwọn bí ọmọ mẹ́jọ, kò sì ráhùn lọ́jọ́ kan.

Mo kí bàbá o. Nọ́ọ̀sì àgbẹ̀bí ni mí, mo ti fẹ̀yìn tì báyìí. Ilé ìwòsàn ìjọba níbí n'Íbàdàn ni mo ti lo èyí tó pọ̀ jù nínú ọjọ́ ayé mi. Mo gbẹ̀bí àwọn ìyá, mo tún gbẹ̀bí àwọn ọmọ wọn. Ohun tí mo rí níbẹ̀ ni pé ìyá tó ń bẹ̀rù pé bóyá òun ò ṣe é dáadáa, ẹni yẹn gan-an ló sábà máa ń ṣe é dáadáa. Olùrànlọ́wọ́ ni kò rí.

Ìyá bàbá ò ráhùn? Kí ló fẹ́ ráhùn sí? Nínú agbo ilé ayé ìjọ́un, ìyá ọkọ wà níbẹ̀, orogún wà níbẹ̀, àwọn ìyàwó ilé wà níbẹ̀, àwọn ọmọge tó ti tó ọmọ pọ̀n náà sì wà. Ẹni tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ bímọ, wọ́n á bá a wẹ ọmọ, wọ́n á fi omi gbígbóná tẹ ikùn fún un, wọ́n á gbé ẹ̀kọ gbígbóná wá bá a lórí ẹní. Bí ọmọ bá ké lóru, kì í ṣe yàrá kan ṣoṣo ló ń jí. Àwọn àgbà ló kúkú sọ ọ́ pé ẹnì kan ní í bímọ, igba ènìyàn ní í tọ́ ọ. Àwọn tí bàbá ń bá wí wàyí, òun àti ọmọ nìkan ló wà nínú yàrá kan àti pálọ̀ láti àárọ̀ ṣúlẹ̀. Ọkọ ti jáde kí ilẹ̀ tó mọ́. Ìyá tó bí i wà l'Ógbòmọ̀ṣọ́, ọjà sì wà lọ́rùn ìyẹn náà. Iṣẹ́ igba ènìyàn lẹ gbé lé ẹnì kan lórí, ẹ tún ń pè é ní ọ̀lẹ. A sì ti kọrin ìyá ni wúrà fún wọn tó. Wúrà kì í jẹun, kì í sùn.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ti ọmọdébìnrin kan tó wá sọ́dọ̀ wa lọ́jọ́ abẹ́rẹ́ àjẹsára. Ọmọ ọwọ́ rẹ̀ ò tíì pé oṣù méjì. A gbé ọmọ kọ́ sórí òṣùwọ̀n, mo fẹ́ fàmì sí káàdì rẹ̀, mo rí i pé ìlà ọmọ náà ti ń lọ sílẹ̀. Mi ò tíì la ẹnu tí omi ti ń dà lójú ìyá. Ó ní wọ́n ti sọ fún òun nílé pé ọmú òun ò lómi, pé kóun yáa lọ ra mílíìkì inú agolo, owó ẹ̀ ò sì sí. Mo ní kó jókòó, kó fẹ̀yìn ti ògiri, kó fọ́mọ lọ́mú kí n wò ó. Àṣé orí ọmú nìkan lọmọ ń fà! Ìyẹn ló ń dun ìyá, òun náà ni kò jẹ́ kómi ọmú jáde tó. Mo ní kó má bẹ̀rẹ̀ bá ọmọ, ọmọ ni kó fà mọ́ra, kí ikùn ọmọ kan ikùn tirẹ̀. Kó fi orí ọmú ra ètè ọmọ títí ẹnu á fi là gbàgà, kó wá gbé e sún mọ́ ọn kíá, kí èyí tó pọ̀ nínú awọ dúdú tó yí orí ọmú ká lè wọ ẹnu ọmọ. Ìgbà àkọ́kọ́ ò bọ́ sí i. Nígbà tó tún un ṣe, ọmọ gbá a mú. Ó fà á, ó sinmi díẹ̀, ó wá bẹ̀rẹ̀ sí í gbé e mì, à ń gbọ́ ọ. Ìyá ọmọ wò mí, ó ní, "Mà, kò dùn mí mọ́." Nígbà tí wọ́n padà wá gba abẹ́rẹ́ mìíràn, ìlà orí káàdì ti ń gòkè.

Ọmọdébìnrin yẹn ò ya ọ̀lẹ. Kò sẹ́ni tó jókòó tì í, kó wo ẹnu ọmọ, ni. Gbogbo ẹni tó wà nílé ló mọ bí wọ́n ṣe ń dájọ́.

Bàbá tún bínú sí àwọn ìyá tó ń jáde lọ síṣẹ́. Ṣé wọ́n ti gbàgbé Fúnmiláyọ̀ Ransome-Kuti, ìyá Fẹlá, ni? Òun wà lára àwọn tó kọ́kọ́ dá jẹ́lé-ó-sinmi sílẹ̀ nílẹ̀ yìí. Nígbà tí òun àtàwọn obìnrin ọjà Abẹ́òkúta gbógun ti owó orí, títí Aláké Adémọ́lá fi kúrò lórí oyè ní 1949, àbíkẹ́yìn rẹ̀ ò tíì pé ọmọ ọdún mẹ́wàá. Ọmọ tirẹ̀ kan, Olikoye, di dókítà àwọn ọmọdé, ó sì di mínísítà ètò ìlera láti 1985 títí di 1992. Lásìkò tirẹ̀ la kọ́ àwọn ìyá káàkiri bí wọ́n ṣe ń po omi oníyọ̀ àti ṣúgà fọ́mọ tó ń yàgbẹ́ gbuuru. Ọmọ ìyá tó ń rìn kiri yẹn ni mo ń sọ o. (Tọkọ taya tí kò bá rí ORS, ìyẹn oògùn ìgbẹ́ gbuuru tí wọ́n ń pò mómi, rà lóru: omi mímọ́ líta kan, ṣíbí tíì ṣúgà mẹ́fà, ìdajì ṣíbí tíì iyọ̀, kó ṣe pẹrẹsẹ, kó má ga. Bílẹ̀ bá mọ́, ó di ilé ìwòsàn. Iṣẹ́ ò tíì fi mí sílẹ̀.)

Èyí tó dùn mí jù nínú lẹ́tà bàbá ni yẹ̀yẹ́ tí wọ́n fi ẹkún ṣe. Ọ̀pọ̀ obìnrin ló ń sunkún láàárín ọjọ́ mélòó kan tí wọ́n bímọ, láìmọ ohun tó ń pa wọ́n lẹ́kún. Ó máa ń lọ fúnra rẹ̀ kó tó pé ọ̀sẹ̀ méjì. Èyí tí kò bá lọ, tí ìyá ò rí oorun sùn nígbà tí ọmọ ń sùn, tí kò fẹ́ rí ọmọ sójú, tó ń sọ pé ó sàn kí òun má sí láyé, àìsàn nìyẹn, ó sì ní ìtọ́jú. Bó bá jẹ́ abísínwín, gbogbo àdúgbò ló ń sáré. Èyí tó ń jókòó jẹ́ẹ́ sórí bẹ́ẹ̀dì yìí, ìwàásù la máa ń ṣe fún un. Ẹ mú un lọ sílé ìwòsàn, ẹ jọ̀ọ́.

Ẹ̀yin ọmọ mi tí ẹ ń ka èyí pẹ̀lú ọmọ láyà, ẹ kú ewu, ẹ kú ìtọ́jú. Oṣù mẹ́fà àkọ́kọ́, ọmú nìkan ti tó, kò gba omi, kò gba àgbo. Ẹni tí kò sì lè fọ́mọ lọ́mú, tí dókítà ti sọ èyí tó máa ṣe, kò jẹ ẹnikẹ́ni ní àlàyé. Ẹ̀yin tí ẹ ń gbowó oṣù, ẹ lọ mọ̀ pé òfin iṣẹ́ nílẹ̀ yìí fún abíyamọ láyè ọgbọ̀n ìṣẹ́jú lẹ́ẹ̀mejì lójúmọ́ láti fọ́mọ lọ́mú lẹ́nu iṣẹ́. Ọ̀gá yín lè má mẹ́nu bà á. Àwọn tó ń din àkàrà lẹ́bàá títì tọmọtọmọ lẹ́yìn, òfin ò dé ọ̀dọ̀ wọn, àwa aládùúgbò ló kù fún wọn. Bí ọmọ bá ti sùn, ẹ sùn. Abọ́ tó dọ̀tí ò ní sá lọ.

Ẹ̀yin bàbá, mo padà sọ́dọ̀ yín. Bí ẹ bá lọ kí ọmọbìnrin yín tó ṣẹ̀ṣẹ̀ bímọ, ẹ má jókòó sí pálọ̀ kí wọ́n máa wá oúnjẹ fún yín. Ẹ ra èlùbọ́ àti ẹran dání. Ẹ gba ọmọ lọ́wọ́ rẹ̀, kó lè wẹ̀, kó lè sùn. Ẹ dúró títí ọmọ á fi ké, kẹ́ ẹ fi apá yín rẹ̀ ẹ́ títí á fi dákẹ́. Bí ẹ bá ti ṣe ìyẹn dalẹ́ ọjọ́ kan, ẹ wá kọ lẹ́tà mìíràn sí Olóòtú. Mo ṣèlérí pé màá kà á.

Èmi ni,
Ìyá Àgbẹ̀bí,
Mọ́kọ́lá, Ìbàdàn.